Ohùn Tí A Kò Mọ Olóhùn

Ní nǹkan bí ọdún 1994, orin kan wà tí rédíò kì í yé gbé sáfẹ́fẹ́. Ohùn bàbá àgbàlagbà kan ló fi ń bẹ̀rẹ̀. Bàbá náà yóò fa orin láti ìsàlẹ̀ ikùn wá, yóò gbé e sókè títí yóò fi dà bí ẹni tó ń pe ará òdìkejì odò, kò sì ní sí ọ̀rọ̀ kan níbẹ̀ tí etí wa lè dì mú. Ìlù yóò wọlé lẹ́yìn rẹ̀, ọkùnrin mìíràn yóò sì máa fi èdè òyìnbó kọrin tirẹ̀. Enigma, ẹgbẹ́ olórin kan láti Jámánì, ló gbé e jáde. “Return to Innocence” ni wọ́n pè é. Àwa ọmọdé a máa sín ohùn bàbá náà jẹ. A ó na ọrùn, a ó di ojú, a ó máa kọ bí àkùkọ.

Ìyá mi àgbà kì í bá wa rẹ́rìn-ín. Lọ́jọ́ kan, ó dá ọwọ́ dúró lórí ẹ̀gúsí tó ń bó, ó kọjú sí rédíò, ó ní, “Ta ni bàbá yìí? Ọmọ ta ni?” A dá a lóhùn pé Enigma ni. Ó ní òun kò bèèrè orúkọ ẹgbẹ́. Ẹni tó bá lè gbé orin báyìí, ó ní, kò lè ṣàì ní ilé. Kò sí ẹni tó rí èsì fún un nínú wa. Sọ̀rọ̀sọ̀rọ̀ tó ń gbé orin náà sáfẹ́fẹ́ kò dárúkọ ẹnikẹ́ni.

Màmá ti kú tipẹ́ kí n tó rí èsì náà. Difang ni orúkọ bàbá yẹn. Ọmọ ẹ̀yà Amis ni, àgbẹ̀ ní agbègbè Taitung, ní etíkun ìlà-oòrùn erékùṣù Taiwan. Òun àti Igay, ìyàwó rẹ̀, wà lára àwọn akọrin ìbílẹ̀ tí wọ́n kó lọ sí Yúróòpù ní 1988. Wọ́n gba ohùn wọn sílẹ̀ ní ilẹ̀ Faransé, ohùn náà dé orí àwo, orí àwo yẹn ni Enigma sì ti gé e, tí wọ́n lẹ̀ ẹ́ mọ́ iṣẹ́ tiwọn. Orin tí àwọn àgbà Amis máa ń kọ nídìí ọtí ni. Ní 1996, wọ́n lo ohùn kan náà láti polówó ìdíje Òlíńpíìkì tó wáyé ní Atlanta. Gbogbo ayé gbọ́ tọkọtaya yìí, kò sì sí ẹni tó rí wọn. Ní 1998, wọ́n gbé ọ̀rọ̀ náà lọ sílé ẹjọ́ ní Amẹ́ríkà; ní 1999, wọ́n yanjú rẹ̀ láì dé ìdájọ́, orúkọ wọn sì wá hàn lórí iṣẹ́ wọn. Difang kú ní 2002.

Ìbéèrè màmá ni mo gbé dání nígbà tí mo bẹ̀rẹ̀ sí í wo fíìmù Taiwan, pàápàá àwọn èyí tí akọrin ìbílẹ̀ ibẹ̀ ti gbé ẹ̀rọ gbohùngbohùn sílẹ̀, tó bọ́ síwájú kámẹ́rà. Ohun tí ọ̀pọ̀ ènìyàn máa ń bèèrè nípa irú akọrin bẹ́ẹ̀ ni pé ṣé ó mọ eré ṣe. Èmi kò rò pé ibẹ̀ ni ọ̀rọ̀ wà. Ohun tí mo fẹ́ mọ̀ ni ti màmá: ọmọ ta ni wọ́n ní kó jẹ́ nínú eré náà, èdè ta ni wọ́n sì fi sí i lẹ́nu?

Ẹ̀yà ìbílẹ̀ 16 ni ìjọba Taiwan kà sílẹ̀. Bí a bá kó gbogbo wọn jọ, wọn kò tó ènìyàn mẹ́ta nínú ọgọ́rùn-ún láàárín àwọn olùgbé tó tó mílíọ̀nù 23. Àwọn tí baba ńlá wọn tukọ̀ wá láti Ṣáínà ló pọ̀ jù. Ṣùgbọ́n àwọn ìbílẹ̀ wọ̀nyí ti wà níbẹ̀ fún ẹgbẹẹgbẹ̀rún ọdún kí ọkọ̀ yẹn tó gúnlẹ̀, ọ̀pọ̀ onímọ̀ èdè sì gbà pé láti Taiwan ni ìdílé èdè tí wọ́n ń sọ ti tàn dé Madagascar, Hawaii àti New Zealand. Japan gba erékùṣù náà ní 1895, ó jókòó lé e lórí títí di 1945. Lẹ́yìn rẹ̀ ni ìjọba Kuomintang dé láti Ṣáínà, tó sọ Mandarin di èdè kan ṣoṣo tí ọmọ ilé ìwé gbọ́dọ̀ sọ. Nígbà náà, ọmọ tó bá fi èdè ìyá rẹ̀ sọ̀rọ̀ lè san owó ìtanràn, wọ́n sì lè so páálí mọ́ ọn lọ́rùn kí gbogbo ènìyàn lè rí i.

Nígbà tí mo ka ọ̀rọ̀ páálí yìí, ọwọ́ mi lọ sí ọrùn ara mi. Ní ilé ìwé alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀ tí mo lọ, páálí náà wà. Wọ́n kọ ọ́ sí i pé mo sọ fanákúlà. Ohun tí mo sọ ni “ẹ kú ọ̀sán, mà.” Mo gbé e kọ́rùn títí ọmọ mìíràn fi ṣẹ̀, tí mo sì rí ẹni gbé e fún. Ìdùnnú tí mo ní lọ́jọ́ yẹn pé ọmọ ẹlòmíràn ló kàn ṣì ń tì mí lójú dòní.

Nínú irú ilé ìwé bẹ́ẹ̀ ni àwọn òbí àwọn akọrin tí mo ń sọ ti kàwé. Àwọn ọmọ wọn dàgbà, orin sì gbé wọn jáde. A-mei, ọmọ Puyuma tí wọ́n bí ní 1972, di ọ̀kan lára àwọn akọrin tó lókìkí jù lọ ní gbogbo ibi tí wọ́n ti ń sọ Mandarin. A-Lin àti Jam Hsiao jẹ́ ọmọ Amis. Landy Wen jẹ́ ọmọ Atayal. Àwọn ará Taiwan a máa sọ pé orin wà nínú ẹ̀jẹ̀ àwọn ìbílẹ̀, pé bí wọ́n ṣe ń bí wọn ni wọ́n ti ń kọrin. Ìyìn ni, mo mọ̀. Àmọ́ irú ìyìn kan wà tó jẹ́ ọgbà tí wọ́n ṣe yí ènìyàn ká. Ẹni tí wọ́n bá ti gbà pé orin ni iṣẹ́ rẹ̀, wọ́n á pè é síbi àríyá, wọn kò ní pè é síbi ìgbìmọ̀. Èdè Mandarin ni púpọ̀ nínú orin náà sì wà, ìfẹ́ àti ìjákulẹ̀ ọkàn ni wọ́n ń sọ, àwọn nǹkan tí ẹnikẹ́ni láti ibikíbi lè kọ. Ọdún 13 kọjá láàárín àwo orin àkọ́kọ́ tí A-mei dá gbé jáde ní 1996 àti èyí tó gbé jáde ní 2009 lábẹ́ Amit, orúkọ tí wọ́n ń pè é nílé.

Mo fẹ́ yà díẹ̀ lọ sí 1943 kí n tó padà sọ́dọ̀ Landy Wen. Lọ́dún yẹn, Hiroshi Shimizu, olùdarí fíìmù ará Japan, ṣe fíìmù kan tí orúkọ rẹ̀ ń jẹ́ Agogo Sayon. Sayon jẹ́ ọmọbìnrin Atayal, ọmọ ọdún 17, ní òkè Nan'ao ní Yilan. Ní oṣù kẹsàn-án 1938, ogun pe ọlọ́pàá ará Japan tó jẹ́ olùkọ́ ní abúlé wọn. Sayon bá a ru ẹrù. Òjò ń rọ̀, odò kún, ọmọ náà ṣubú sínú omi bó ṣe ń kọjá lórí afárá, ó sì bá omi lọ. Ìjọba Japan sọ ọ́ di akọni, wọ́n ní ìfẹ́ tó ní sí ọba Japan ló pa á, wọ́n sì gbé agogo kan fún abúlé náà ní ìrántí rẹ̀. Wọ́n kọ orin nípa rẹ̀, wọ́n sì ṣe fíìmù. Ta ni wọ́n mú láti jẹ́ Sayon? Li Xianglan, akọrin tí gbogbo ìlà-oòrùn Éṣíà mọ̀ nígbà náà. Ará Japan ni, Yoshiko Yamaguchi ni orúkọ àbísọ rẹ̀. Manchuria ni wọ́n bí i sí, wọ́n sì ń gbé e kiri bí ẹni pé ọmọ Ṣáínà ni. Èmi kò bá a jà. Wọ́n ti fi orúkọ ìlú mìíràn bo òun náà mọ́lẹ̀.

Ẹ wò ó bí wọ́n ṣe to ọ̀rọ̀ yìí: ará Japan tí wọ́n pè ní ará Ṣáínà ló ń ṣe ọmọ Atayal, èdè Japan ló sì ń sọ. Agbègbè Wushe, láàárín àwọn Seediq, ni wọ́n ti ya fíìmù náà, ọdún 13 péré lẹ́yìn tí ìjọba kan náà fi ogun jó ilẹ̀ wọn. Bí ènìyàn bá bi wọ́n léèrè pé ọmọ ta ni Sayon, ọmọ ọba Japan ni wọn yóò wí.

Ogun Wushe ni fíìmù tí mo fẹ́ sọ dá lé. Ní ọjọ́ 27 oṣù kẹwàá 1930, Mona Rudao, olórí abúlé Mahebo, kó àwọn jagunjagun Seediq lọ sí pápá ilé ìwé tí àwọn ará Japan ti ń ṣe eré ìdárayá. Igi gẹdú ti bó èjìká àwọn ọmọkùnrin wọn lábẹ́ iṣẹ́ ipá. Ọlọ́pàá ti ń fi wọ́n wọ́lẹ̀ tipẹ́. Ará Japan 134 ló kú láàárọ̀ ọjọ́ yẹn. Japan fi ìbọn ńlá àti ọkọ̀ òfuurufú fèsì, ọ̀pọ̀ Seediq sì pokùnso nínú igbó kí ọwọ́ má bàa tẹ̀ wọ́n. Wei Te-sheng, olùdarí fíìmù ọmọ Taiwan, ti ń lálàá láti ṣe ìtàn yìí tipẹ́. Ní 2003, ó ya ìṣẹ́jú márùn-ún nínú rẹ̀ láti fi wá owó. Kò rí i.

Akọrin kan ló là á lọ́nà. Van Fan ní ẹ̀jẹ̀ Amis lára, orin Mandarin ló sì fi lókìkí. Ní 2008, Wei fi í ṣe Aga nínú fíìmù Cape No. 7: ọkùnrin tí orin kò gbè ní Taipei, tó padà sí ìlú rẹ̀ ní Hengchun, tó wá ń pín lẹ́tà. Fíìmù náà pa owó tó lé ní mílíọ̀nù 530 dọ́là Taiwan, kò sì sí fíìmù ilẹ̀ náà tó tíì pa tó bẹ́ẹ̀ rí nílé nígbà náà. Van Fan ṣe é dáadáa, ìbínú rẹ̀ kì í ṣe ti àwòṣe. Ṣùgbọ́n kò sí ibi kan tí ìtàn náà ti bi Aga léèrè ohun tó jẹ mọ́ Amis. Ó ṣe akọrin nínú fíìmù, bó ṣe jẹ́ akọrin níta. Ọgbà yẹn náà ni, wọ́n kàn fẹ̀ ẹ́ sí i. Síbẹ̀, orúkọ tí fíìmù yẹn fún Wei ló jẹ́ kó rí owó ṣe èyí tó wà lọ́kàn rẹ̀.

Ó jáde ní 2011, apá méjì tó ju wákàtí mẹ́rin lọ. Seediq Bale ni àkọlé rẹ̀, ìyẹn ènìyàn tòótọ́. Wọ́n gbé e dé Venice, ó sì gba ẹ̀bùn fíìmù tó dára jù níbi ayẹyẹ Golden Horse lọ́dún náà. Èdè Seediq àti ti Japan ni wọ́n ń sọ nínú rẹ̀. Dakis Pawan, olùkọ́ tó jẹ́ Seediq, ló bá wọn yí ọ̀rọ̀ inú eré sí èdè náà, tó sì ń tọ́ ahọ́n àwọn òṣèré sọ́nà. Pásítọ̀ Atayal láti Nan'ao, ẹkùn Sayon, ló ṣe Mona Rudao àgbà. Lin Ching-tai ni orúkọ rẹ̀, kò sì ṣeré rí. Mẹ́ta nínú àwọn obìnrin tó wà níbẹ̀ jẹ́ akọrin: Vivian Hsu, Lo Mei-ling àti Landy Wen.

Àwọn tó fẹ́ràn orin Mandarin mọ Landy Wen láti 1999, nígbà tí òun àti Jacky Wu jọ kọ “Roof”, orin tí Jay Chou hun kí Jay Chou fúnra rẹ̀ tó di ẹni ńlá. Ohùn rẹ̀ ní ìyangbẹ díẹ̀ níbi tó ti ń ga, bí ìgbà tí ènìyàn ń sọ̀rọ̀ tó sì ń gbé omijé mì. Orin ìfẹ́ ni wọ́n fi ohùn yẹn tà. Nínú Seediq Bale, Mahung Mona ni, ọmọ Mona Rudao. Báyìí ni Seediq ṣe ń jẹ́ orúkọ: ti ọmọ ṣáájú, ti òbí tẹ̀ lé e. Mona Rudao ni Mona, ọmọ Rudao. Mahung Mona ni Mahung, ọmọ Mona. Ẹni tó bá gbọ́ orúkọ náà ti gbọ́ èsì sí ìbéèrè màmá kó tó bèèrè.

Ohun tí ìtàn sọ nípa Mahung nìyí. Nígbà tí ogun náà ń parí lọ, ó pàdánù ọkọ àti ọmọ. Òun náà fẹ́ kú, àwọn ará Japan kò jẹ́ kó kú, nítorí wọ́n ní iṣẹ́ tí wọ́n fẹ́ fi rán an. Arákùnrin rẹ̀, Tado Mona, ṣì wà nínú igbó pẹ̀lú àwọn díẹ̀ tó kù. Ní oṣù kejìlá 1930, wọ́n gbé ọtí lé Mahung àti àwọn obìnrin mìíràn lọ́wọ́, wọ́n ní kí wọ́n lọ fi tu Tado nínú kó sọ̀kalẹ̀ wá. Tado gba ọtí náà. Ó bá wọn mu ún. Ó kọrin, ó jó, òun àti àwọn ẹ̀gbẹ́ rẹ̀ sì pokùnso. Mahung padà sísàlẹ̀ pẹ̀lú ọwọ́ òfìfo, ohun tó wà lẹ́yìn ẹ̀fà sì ju èje lọ: ní ọdún tó tẹ̀ lé e, wọ́n kó àwọn tó ṣẹ́kù, nǹkan bí 300 ènìyàn, kúrò lórí òkè wọn lọ sí Kawanakajima nísàlẹ̀. Mahung gbé ayé títí di 1973. Ọdún yẹn gan-an ni wọ́n dá egungun bàbá rẹ̀, tí àwọn ará Japan ti kó lọ sí yunifásítì, padà sí Wushe láti sin.

Ipa Landy Wen kò gùn. Nínú wákàtí mẹ́rin àti ààbọ̀, ìwọ̀nba ìṣẹ́jú ni tirẹ̀. Kò sí orin ìfẹ́ fún un níbẹ̀. Àwọn ọkùnrin ló ń kọrin lórí òkè. Òun, akọrin tí gbogbo Taiwan mọ̀, ni wọ́n ní kó gbọ́. Alẹ́ tí iná kò sí ni mo kọ́kọ́ wò ó, lórí kọ̀ǹpútà alágbèéká tí bátìrì rẹ̀ ti fẹ́ kú, tí mo ń sáré ka ìtumọ̀ tó ń kọjá nísàlẹ̀. Nígbà tó ń bá arákùnrin rẹ̀ sọ̀rọ̀, mo fi ìtumọ̀ náà sílẹ̀, mo kàn ń gbọ́ ohùn. Ìyangbẹ yẹn wà níbẹ̀. Ibi tó ti máa ń ya nínú orin ló ti ya. Mo wá rí i pé ohun tí wọ́n ń tà lórí àwo láti ọdún mélòó kan ní orísun, orísun náà sì kọjá ọ̀rọ̀ ọkùnrin tó fi obìnrin sílẹ̀.

Ẹnìkan lè sọ pé, ṣebí Atayal ni, kì í ṣe Seediq? Kí ló fi yàtọ̀ sí Li Xianglan? Ìbéèrè yìí tọ́. Èdè Atayal àti Seediq jẹ́ ọmọ ìyá, bí Yorùbá àti Ígálà. Ọmọ Ìbàdàn tó dé Ìdah yóò gbọ́ ọ̀rọ̀ kan tó mọ̀, yóò yọ̀, gbólóhùn tó kàn yóò sì sọnù mọ́ ọn lọ́wọ́. Landy Wen ní láti kọ́ Seediq ni. Títí di 2008, ìwé ìjọba ṣì ń ka Seediq mọ́ Atayal, nítorí náà lójú òfin ẹ̀yà kan náà ni wọ́n, ìyẹn sì wà lára ohun tí àwọn Seediq fi ń bínú. Àwọn kan lára àwọn ọmọ Toda, ẹ̀ka Seediq tí baba wọn bá Japan lépa Mona Rudao, kò fẹ́ràn bí fíìmù náà ṣe yà wọ́n. Mo gbà pé wọ́n lẹ́tọ̀ọ́ láti bínú. Àmọ́ ìyàtọ̀ wà. Wọ́n fi Li Xianglan bo èdè Sayon mọ́lẹ̀. Landy Wen fi ahọ́n ara rẹ̀ wá èdè Mahung lọ, ó kọ ọ́ sórí, ó sì jẹ́ kí ọ̀rọ̀ tí kì í ṣe ti orin jáde lẹ́nu rẹ̀ níwájú àwọn tó ni ín. Ẹni tó ń kọ́ èdè aládùúgbò kò jalè.

Ti Vivian Hsu tún wọ̀ mí lára lọ́nà mìíràn. Ìyá rẹ̀ jẹ́ Atayal. Japan ló ti lókìkí, níbi tí òun àti ẹgbẹ́ Black Biscuits ti gbé “Timing” jáde ní 1998, tó tà ju ẹ̀dà mílíọ̀nù kan lọ. Nínú fíìmù, Obing Tado ni, ọmọ olóyè Seediq tí àwọn ará Japan sọ ní Takayama Hatsuko, tí wọ́n fún ní kímónò wọ̀. Obìnrin tó jẹun ńlá láti inú èdè Japan ló ń ṣe obìnrin tí èdè Japan gba orúkọ rẹ̀. Kò sí olùkọ́ eré tó lè kọ́ ènìyàn ní èyí.

Mo lè dúró síbí, ṣùgbọ́n fíìmù kan ṣì wà tí mo fẹ́ràn ju Seediq Bale lọ, bí kò tilẹ̀ ní ogun tàbí òkìkí. Wawa No Cidal ni, ó jáde ní 2015. Èdè Amis ni àkọlé rẹ̀: ọmọ oòrùn. Olùdarí méjì ló ṣe é, Cheng Yu-chieh àti Lekal Sumi, Lekal sì jẹ́ ọmọ Amis. Ìtàn ìyá Lekal ló fa fíìmù náà. Ìyá yìí gbìyànjú láti jí oko ìrẹsì tó ti di igbó ní Makota'ay dìde. Abúlé etí òkun ni, ní Hualien, níbi tí oko ti ń sọ̀kalẹ̀ ní ìpele ìpele títí dé etí omi. Àwọn ọ̀dọ̀ ti lọ síṣẹ́ kọ́lékọ́lé nílùú ńlá, omi kò dé oko mọ́, àwọn onílé ìtura sì ń wo ilẹ̀ náà.

Ado Kaliting Pacidal ni wọ́n fi ṣe obìnrin náà, tí wọ́n pè ní Panay nínú eré. Akọrin Amis ni Ado, òun ló ń kọ orin tirẹ̀, ó sì ti ṣe atọ́kùn ètò lórí tẹlifíṣọ̀n àwọn ìbílẹ̀, èyí tí wọ́n dá sílẹ̀ ní 2005. Ẹ wo orúkọ rẹ̀. Pacidal ni orúkọ ìdílé rẹ̀ láàárín àwọn Amis, cidal tó wà nínú rẹ̀ sì ni oòrùn. Obìnrin tí oòrùn ti wà nínú orúkọ rẹ̀ kí ẹnikẹ́ni tó kọ ìwé eré ló wá ṣe eré ọmọ oòrùn.

Panay jẹ́ oníròyìn ní Taipei, ìyá tó ń dá ọmọ tọ́, àwọn ọmọ rẹ̀ sì wà lọ́dọ̀ bàbá rẹ̀ lábúlé. Bàbá ṣàìsàn, ó padà wálé, ó sì bá ilẹ̀ lójú ọjà. Ado kò ṣe bí òṣèré tó ti pẹ́ lẹ́nu iṣẹ́. Nígbà mìíràn ojú rẹ̀ a dákẹ́ níbi tí ẹlòmíràn ì bá ti sunkún. Ṣùgbọ́n bó bá yí láti Mandarin bọ́ sí Amis láàárín gbólóhùn kan, ènìyàn á rí i pé èjìká rẹ̀ sọ̀kalẹ̀. Mandarin tó ń sọ kò ní àléébù; ti ẹni tí wọ́n fi páálí kọ́ òbí rẹ̀ ni. Amis tó ń sọ dà bí ẹni tó bọ́ bàtà ní ẹnu ọ̀nà ilé rẹ̀. Landy Wen kọ́ èdè kó tó lè ṣe Mahung. Ado kò kọ́ nǹkan kan. Wọ́n kàn gbà á láyè kó sọ ọ́ ni. Bí wọ́n bá ní kí n yan, èyí ni mo yàn.

Nínú fíìmù yẹn, àwọn ará abúlé jókòó sórí ilẹ̀ wọn kí ẹ̀rọ má bàa tú u, ọlọ́pàá sì dé. Ìyá àgbà kan wo ọ̀kan nínú àwọn ọlọ́pàá náà, ọ̀dọ́mọkùnrin. Kò bú u. Ó fi èdè Amis bi í léèrè ará abúlé ibo ni. Ọmọ Amis ni ọlọ́pàá náà. Apata tó gbé dání kò lè bo ojú rẹ̀.

Mo dá fíìmù náà dúró níbẹ̀. Mo lọ sí bákónì, mo dúró díẹ̀. Ohùn màmá ni mo gbọ́, pẹ̀lú ẹ̀gúsí lọ́wọ́ rẹ̀, tó ń bá rédíò sọ̀rọ̀.

Suming, akọrin Amis láti Dulan ní Taitung, ló kọ orin fíìmù yìí, ní èdè Amis, ó sì ní kí ènìyàn má ṣe juwọ́ sílẹ̀. Orin náà gba ẹ̀bùn orin fíìmù tó dára jù ní Golden Horse ní 2015. Ní 2016, níbi Golden Melody, ayẹyẹ ẹ̀bùn orin Taiwan, òun ni wọ́n pè ní orin ọdún. Kì í ṣe orin ìbílẹ̀ tó dára jù ni mo wí o. Orin ọdún ni, láàárín gbogbo orin.

Ẹ wá fíìmù Wawa No Cidal wò, kí ẹ sì jẹ́ kí àwọn ọmọ yín jókòó tì yín. Bí rédíò bá sì tún gbé orin Enigma yẹn sáfẹ́fẹ́, tí ọmọ kan bi yín pé ta ló ń kọrin, ẹ má ṣe dá a lóhùn bí àwa ṣe dá màmá lóhùn. Difang ni. Igay, ìyàwó rẹ̀, ló ń bá a gbé e. Ọmọ Amis ni wọ́n, láti Taitung.